Òṣèrébìnrin Kan, Ìjọba Mẹ́ta: Bí A Ṣe Lè Lóye Ìtàn Sinimá Usbẹkístàn

Bí ẹ bá wá orúkọ Lutfixonim Sarimsoqova lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ibì kan á pè é ní òṣèré Sófíẹ̀tì, ibòmíràn á ní òṣèré Usbẹkístàn ni. Ọdún 1896 ni wọ́n bí i, nígbà tí ọba Rọ́ṣíà ṣì ń jọba lórí ilẹ̀ wọn. Ọdún 1991 ló kú, ọdún náà gan-an tí Usbẹkístàn gba òmìnira. Láàárín ìbí àti ikú rẹ̀, ìjọba kan wó, òmíràn gorí àlééfà, èyí náà sì wó lọ́dún ikú rẹ̀.

Ẹni tí kò bá mọ ìdí ọ̀rọ̀ á máa ṣe kàyéfì. Báwo ni òṣèré tí gbogbo ilé mọ̀ bí ẹní mowó ṣe ní fíìmù tí kò pọ̀? Kí ni oyè gígùn tí wọ́n máa ń kọ mọ́ orúkọ rẹ̀? Kí ló dé tí obìnrin tó kọ́kọ́ gbajúmọ̀ bí obìnrin Usbẹkístàn nínú sinimá kì í ṣe ọmọ Usbẹkístàn rárá? Àti pé kí ló dé tí ìjọba kan á pa òǹkọ̀wé, tí yóò sì tún fi owó ara rẹ̀ sọ ìwé rẹ̀ di fíìmù?

Lójú tèmi, okùn kan ló so gbogbo ìbéèrè yìí pọ̀. Ìjọba tó bá wà lórí oyè ló máa ń fi ojú obìnrin inú sinimá sọ irú ìlú tí òun fẹ́ kọ́. Òṣèré ń ṣe iṣẹ́ tirẹ̀ tọkàntọkàn, ṣùgbọ́n ohun tí wọ́n máa fi iṣẹ́ náà sọ kò sí ní ìkáwọ́ rẹ̀. Ẹni tó bá ti mọ èyí, ìtàn náà kò ní lọ́jú pọ̀ mọ́ ọn lọ́wọ́ mọ́.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ yanjú ọ̀rọ̀ orúkọ ìlú. Ní 1865 ni ọmọ ogun Rọ́ṣíà gba Tashkent, tó jẹ́ olú ìlú Usbẹkístàn lónìí. Lẹ́yìn tí àwọn Bolshevik, ìyẹn àwọn Kọ́múníìsì Rọ́ṣíà, gbàjọba ní 1917, wọ́n tún ilẹ̀ Àárín Éṣíà pín, wọ́n sì dá Usbẹkístàn sílẹ̀ ní 1924 gẹ́gẹ́ bí ọ̀kan lára àwọn orílẹ̀-èdè tó para pọ̀ jẹ́ Sófíẹ̀tì. Èdè wọn bá èdè Tọ́kì tan, Mùsùlùmí sì ni ọ̀pọ̀ jù lọ wọn. Ní 1925 ni wọ́n dá ilé-iṣẹ́ fíìmù sílẹ̀ ní Tashkent. Fíìmù tó bá ti ibẹ̀ jáde títí di 1991, ti Usbẹkístàn ni, ti Sófíẹ̀tì náà sì ni. Ìwé tó bá pè é ní èyíkéyìí nínú méjèèjì kò purọ́. Èyí tó bá pè é ní fíìmù Rọ́ṣíà ló ṣi orúkọ pè.

Ibi tó yẹ ká dúró sí pẹ́ nìyí: àwọn ọdún àkọ́kọ́ yẹn.

Ní àwọn ìlú ńlá bíi Tashkent, Bukhara àti Samarkand, obìnrin kì í jáde síta láìbo ara. Ẹ̀wù gígùn kan wà tí wọ́n ń pè ní paranji, tí wọ́n máa ń gbé lé orí, tí yóò sì wọ́ dé ẹsẹ̀. Lábẹ́ rẹ̀ ni chachvon wà níwájú ojú, àwọ̀n dúdú líle tí wọ́n fi irun ẹṣin hun. Obìnrin tó wà lẹ́yìn rẹ̀ a máa rí ọ̀nà bàìbàì, ṣùgbọ́n ẹni tó ń kọjá kò lè mọ̀ bóyá ọmọdé ni tàbí àgbà. Ọ̀rọ̀ ẹlẹ́hàá kò ṣàjèjì sí Yorùbá, nítorí náà ẹ ó lóye ohun tí mo ń sọ. Nínú ìlú bẹ́ẹ̀, bàbá tàbí ọkọ wo ni yóò gbà kí obìnrin ilé òun ṣí ojú síwájú kámẹ́rà, kí wọ́n wá gbé ojú náà kiri fún ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọkùnrin láti wò?

Bẹ́ẹ̀, obìnrin Usbẹkístàn gan-an ni ìjọba tuntun fẹ́ kí fíìmù dá lé lórí. Ohun tí wọ́n fẹ́ sọ ni pé àṣà àtijọ́ ń pa obìnrin, àti pé Sófíẹ̀tì ló máa gbà á. Nígbà tí wọn kò rí ọmọ ìlú, wọ́n mú òṣèré wá láti Mọ́sìkò, olú ìlú Sófíẹ̀tì. Ra Messerer, ọmọ Júù tí wọ́n bí ní Vilnius, ló ṣe obìnrin Usbẹkístàn nínú fíìmù kan tó jáde ní 1927 nípa ìyàwó kejì nínú ilé olórogún. Ní 1928 ó tún ṣe òmíràn, nípa obìnrin tí wọ́n lé dànù títí ó fi bọ́ sáàárín àwọn adẹ́tẹ̀. Àwọn fíìmù tí kò ní ohùn ni wọ́n, nítorí náà kò sí ẹni tó máa gbọ́ pé kò gbọ́ èdè wọn. Ojú rẹ̀ nìkan ni wọ́n nílò, ojú náà sì ṣiṣẹ́. Ojú àlejò ni àwọn ará Mọ́sìkò wò tí wọ́n fi gbà pé àwọn ti rí obìnrin Usbẹkístàn.

Ní ọjọ́ 8 oṣù Kẹta 1927, Ẹgbẹ́ Kọ́múníìsì bẹ̀rẹ̀ ètò kan tí wọ́n pè ní hujum. Wọ́n kó obìnrin jọ sí gbàgede ìlú kí wọ́n bọ́ paranji sílẹ̀, kí wọ́n sì dáná sun ún níṣojú gbogbo ayé. Àwọn kan fi tọkàntọkàn ṣe é, nítorí aṣọ náà ti sú wọn. Àwọn mìíràn ṣe é torí pé ọkọ wọn jẹ́ òṣìṣẹ́ ìjọba, kò sì lè kọ̀. Nígbà tí ilẹ̀ ṣú, kálukú padà sí ilé rẹ̀, láàárín àwọn ẹ̀gbọ́n, ọkọ àti aládùúgbò tí inú ń bí. Àwọn òpìtàn gbà pé nǹkan bí 2,000 obìnrin ni wọ́n pa láàárín ọdún mélòó kan tó tẹ̀ lé e.

Àwọn òṣèré wà lára wọn. Tursunoy Saidazimova, akọrin àti òṣèré orí ìtàgé tí wọ́n bí ní 1911, kú lọ́wọ́ ọkọ rẹ̀ ní 1928. Nurxon Yoʻldoshxoʻjayeva, oníjó tí wọ́n bí ní 1913, kú lọ́wọ́ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin ní Margʻilon ní 1929. Ọmọdé ni àwọn méjèèjì. Ìjọba fi orúkọ wọn kọrin, wọ́n fi wọ́n ṣe eré, wọ́n sọ wọ́n di akọni. Èmi kò lè ka ìtàn yìí kí n má sọ ohun tó wà lọ́kàn mi: àwọn tó ní kí wọ́n ṣí ojú kò fi ẹ̀ṣọ́ kankan sẹ́nu ọ̀nà wọn. Ẹ̀bi apààyàn kò kúrò lọ́rùn apààyàn, ṣùgbọ́n ẹni tó rán ọmọ jáde sínú ewu, tí kò tẹ̀ lé e délé, ó ní ẹjọ́ tirẹ̀ láti jẹ́.

Ra Messerer ńkọ́, ẹni tó yá wọn lójú? Ní ọdún 1938, ìjọba tó fi fíìmù rẹ̀ polongo ìdáǹdè obìnrin yìbọn pa ọkọ rẹ̀, Mikhail Plisetsky. Wọ́n mú òun náà, wọ́n gbé e pẹ̀lú ọmọ ọwọ́ rẹ̀ lọ sí àgọ́ ẹlẹ́wọ̀n kan ní Kasakístàn tó wà fún aya àwọn tí wọ́n pè ní ọ̀dàlẹ̀. Àwọn tó mọ ijó balẹ́ẹ̀tì mọ ọmọ rẹ̀ àgbà, Maya Plisetskaya. Ọdún kan náà ni wọ́n pa Fayzulla Xoʻjayev àti Akmal Ikromov, àwọn tó ti darí Usbẹkístàn fúnra wọn. Ní oṣù Kẹwàá ọdún náà, wọ́n yìbọn pa Abdulla Qodiriy, òǹkọ̀wé tó kọ ìwé ìtàn àròsọ ńlá àkọ́kọ́ ní èdè wọn. Ẹ fi orúkọ rẹ̀ sọ́kàn, a ó padà sí i.

Nígbà wo wá ni àwọn ọmọ ìlú fúnra wọn bọ́ síta? Orí ìtàgé ló ti bẹ̀rẹ̀. Ní àárín àwọn ọdún 1920, ìjọba kó àwọn ọ̀dọ́ lọ sí Mọ́sìkò láti lọ kọ́ṣẹ́ eré. Sora Eshontoʻrayeva wà lára wọn, ọmọdébìnrin tí wọ́n bí ní 1911. Nígbà tó padà, ó bọ́ sí Tíátà Hamza ní Tashkent, ó sì fẹ́ Mannon Uygʻur, olùdarí eré. Nínú àwọn eré Shakespeare, òun ló ṣe Ophelia ní 1935, òun náà ló ṣe Desdemona ní 1941, ní èdè Usbẹkístàn, pẹ̀lú Abror Hidoyatov tó ṣe Othello, ọkọ Desdemona. Ọdún mẹ́rìnlá péré lẹ́yìn tí wọ́n dáná sun paranji ní gbàgede, obìnrin Usbẹkístàn dúró lórí ìtàgé láìbo ojú, ó ń kú ikú aya tí ọkọ fura sí. Mo rò pé àwọn tó wò ó lọ́jọ́ yẹn kò nílò kí ẹnikẹ́ni ṣàlàyé eré náà fún wọn.

Èyí dáhùn ọ̀kan lára àwọn ìbéèrè wa. Fún òṣèré ìgbà yẹn, tíátà ni iṣẹ́, ibẹ̀ ni owó oṣù ti ń wá. Fíìmù jẹ́ ohun tí wọ́n pè wọ́n sí lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan. Kò sí oníṣòwò tó ń ná owó tirẹ̀ sórí fíìmù. Ìjọba ló ni ilé-iṣẹ́, ìjọba ló ń san owó, Mọ́sìkò ló ń fọwọ́ sí ìtàn kí wọ́n tó ya ohunkóhun. Nígbà tí Stalin, olórí Sófíẹ̀tì, darúgbó, tí kò sí ẹni tó fẹ́ ṣàṣìṣe lójú rẹ̀, wọ́n dín iye fíìmù kù débi pé ní 1951 fíìmù mẹ́sàn-án péré ni gbogbo Sófíẹ̀tì ṣe. Ṣé ẹ rí i? Bí ẹ bá wo àkọsílẹ̀ òṣèrébìnrin kan, tí ẹ rí àlàfo níbi tó yẹ kó jẹ́ ìgbà ọlá rẹ̀, ẹ má rò pé ó ṣàìsàn tàbí pé ẹ̀bùn rẹ̀ gbẹ. Kò sí fíìmù tí yóò ṣe ni.

Oyè náà rọrùn láti lóye. Ìpele ìpele ni wọ́n ń fi jẹ: ẹni àpọ́nlé, lẹ́yìn náà Òṣèré Àwọn Ènìyàn ti orílẹ̀-èdè kan, lẹ́yìn náà ti gbogbo Sófíẹ̀tì, èyí tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1936. Sora Eshontoʻrayeva gba ti gbogbo Sófíẹ̀tì ní 1951; ti Usbẹkístàn ni Lutfixonim gbà. Oyè yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹnu lásán. Ó kan owó oṣù, ó kan owó ìfẹ̀yìntì, ó kan irú ilé tí wọ́n máa fún èèyàn gbé. Nítorí náà, tí ẹ bá rí òṣèré tó gba oyè lọ́wọ́ ìjọba tó ti yìbọn pa ọ̀rẹ́ rẹ̀, ẹ má yára dá a lẹ́jọ́. Kò sí ìjọba mìíràn tó lè gbà á, kò sì sí ọjà mìíràn tó lè gbé iṣẹ́ rẹ̀ lọ.

Lẹ́yìn ikú Stalin ní 1953, afẹ́fẹ́ yí díẹ̀. Tashkent bẹ̀rẹ̀ sí ṣe fíìmù aláwàdà, olórin, nípa àdúgbò àti ìdílé. Ní 1960 olùdarí ọ̀dọ́ kan, Shuhrat Abbosov, ṣe èyí tó dá lórí àwọn ìyá àdúgbò kan, ìjà, òfófó, ìfẹ́ àwọn ọmọ wọn, àti àwọn ilé àtijọ́ tí wọ́n fẹ́ wó láti kọ́ ilé alájà púpọ̀. Lutfixonim wà nínú rẹ̀. Ó ti lé ní ọgọ́ta ọdún. Ẹ rò ó wò: ní ọjọ́ orí tí àwọn mìíràn ti ń fẹ̀yìn tì, ibẹ̀ ni sinimá ṣẹ̀ṣẹ̀ ti nílò rẹ̀. Fíìmù náà tún ní iyì mìíràn tí ẹnikẹ́ni kò rò tẹ́lẹ̀, nítorí ní oṣù Kẹrin 1966 ilẹ̀ mì ní Tashkent, ọ̀pọ̀ irú àwọn ilé amọ̀ tó wà nínú rẹ̀ sì wó lulẹ̀.

Ọdún 1962 ni Abbosov fún un ní ipa tí ó sọ ọ́ di ìyá gbogbo ilé, nínú fíìmù tí wọ́n pè ní "Sen yetim emassan". Ìtàn tó ṣẹlẹ̀ ni wọ́n gbé e kà. Nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, ọkọ̀ ojú irin ń kó àwọn ọmọ tí òbí wọn ti kú sójú ogun wá sí Tashkent. Alágbẹ̀dẹ kan, Shoahmad Shomahmudov, àti ìyàwó rẹ̀, Bahri Akramova, gba ọmọ tó lé ní mẹ́wàá, tí ẹ̀yà wọn yàtọ̀ síra, sínú ilé wọn láti tọ́. Nínú fíìmù náà, Obid Jalilov ṣe alágbẹ̀dẹ, Lutfixonim ṣe ìyàwó rẹ̀. Àsìkò tí wọ́n ń fi ìwé àṣẹ wọn búrẹ́dì fún ìdílé ni, ọmọ sì ń pọ̀ sí i nínú ilé.

Ìjọba fẹ́ kí fíìmù yìí sọ pé gbogbo ẹ̀yà Sófíẹ̀tì jẹ́ ọmọ ìyá. Ó sọ ọ́. Ṣùgbọ́n ohun tí àwọn ará Tashkent rí nínú rẹ̀ jìnnà ju ìyẹn lọ. Wọ́n rí ìyá àti ìyá àgbà tiwọn, tó gba ọmọ àlejò nígbà tí oúnjẹ ọmọ tirẹ̀ kò tó. Ìdí nìyí tí mo fi sọ pé òṣèré kì í ṣe agbẹnusọ ìjọba lásán. Ó lè wà nínú ọ̀rọ̀ tí ìjọba kọ sílẹ̀, kí ó sì sọ tirẹ̀ láti inú rẹ̀ wá.

Ohun tó ṣẹlẹ̀ sí ìdílé náà lẹ́yìn ìgbà yẹn fi bí òṣèlú ṣe ń yí hàn ju ìwé ìtàn lọ. Ní 1982 wọ́n gbé ère ńlá kan kalẹ̀ ní àárín Tashkent, alágbẹ̀dẹ náà, ìyàwó rẹ̀ àti àwọn ọmọ. Usbẹkístàn gba òmìnira, Islom Karimov di ààrẹ, ọ̀rọ̀ ìṣọ̀kan Sófíẹ̀tì kò sì dùn létí mọ́. Ní 2008 wọ́n hú ère náà, wọ́n gbé e lọ sí ẹ̀yìn odi ìlú. Àwọn aráàlú kùn, àmọ́ kò sí ẹni tó dá wọn lóhùn. Karimov kú ní 2016. Lábẹ́ Shavkat Mirziyoyev, ààrẹ tó gbapò rẹ̀, wọ́n gbé ère náà padà sí àyè rẹ̀ ní 2018. Nígbà gbogbo yìí, fíìmù náà kò yí padà, ojú Lutfixonim sì wà bó ṣe wà. Ìjọba ló yí èrò rẹ̀ nípa irú ìyá tó fẹ́ kí àwọn èèyàn rántí.

Mo ní a ó padà sí Qodiriy. Ìwé rẹ̀, "Oʻtkan kunlar", sọ ìtàn Kumush, ọmọge kan ní ọ̀rúndún 19 tí òun àti ọkọ rẹ̀ fẹ́ràn ara wọn, kí àwọn òbí ọkọ tó fi dandan fẹ́ ìyàwó kejì fún un, tí orogún sì fi májèlé pa á. Lẹ́yìn tí wọ́n pa òǹkọ̀wé, wọ́n fòfin de ìwé náà. Ẹni tó bá ní in nílé a fi í pamọ́. Lẹ́yìn 1956, nígbà tí Khrushchev, olórí Sófíẹ̀tì lẹ́yìn Stalin, tú àṣírí ìwà ìkà Stalin, wọ́n dá orúkọ Qodiriy láre. Ní 1969 ilé-iṣẹ́ ìjọba ní Tashkent ṣe fíìmù rẹ̀, Gulchehra Jamilova sì ṣe Kumush. Ìdáhùn sí ìbéèrè tó dà bí àdììtú nìyẹn: orúkọ ìjọba ni kò yí, àmọ́ àwọn tó wà nínú rẹ̀ ti yí, wọ́n sì nílò ohun tí àwọn èèyàn fẹ́ràn láti fi tù wọ́n lójú. Lẹ́yìn òmìnira, ní 1997, wọ́n tún ìtàn kan náà ṣe, pẹ̀lú Kumush mìíràn. Sófíẹ̀tì fẹ́ kí ẹ wò ó kí ẹ kórìíra ayé àtijọ́. Usbẹkístàn olómìnira fẹ́ kí ẹ wò ó kí ẹ fẹ́ràn àwọn baba ńlá yín. Ọmọge kan náà ni, májèlé kan náà.

N kò ní pẹ́ lórí àwọn ọdún 1970 àti 1980. Láti 1968 ni Tashkent ti ń gbàlejò àjọ̀dún fíìmù ilẹ̀ Éṣíà àti Áfíríkà, àwọn olùdarí láti ilẹ̀ wa sì máa ń lọ síbẹ̀. Ousmane Sembène ti Sẹ̀nẹ̀gà wà lára wọn. Ẹ̀yin tó dàgbà sórí fíìmù Íńdíà ẹ mọ Dharmendra àti Hema Malini. Ní 1980, ilé-iṣẹ́ Tashkent àti àwọn ará Íńdíà jọ ṣe ìtàn Ali Baba pẹ̀lú wọn, èrò sì wọ́ lọ wò ó. Ṣùgbọ́n Hema Malini àti Zeenat Aman ló kó ipa àwọn obìnrin pàtàkì inú rẹ̀. Ọdún mẹ́tàléláàádọ́ta lẹ́yìn Ra Messerer, ó tún jẹ́ obìnrin àlejò. Ó dùn mí nígbà tí mo rò ó.

Nígbà tí Sófíẹ̀tì fọ́ ní 1991, owó Mọ́sìkò dáwọ́ dúró. Òṣèré tó ti ń gba owó oṣù fún ọgbọ̀n ọdún jí, ó rí i pé owó ìfẹ̀yìntì òun kò ra nǹkan kan mọ́, ọ̀pọ̀ ilé sinimá sì ti pa. Ní àwọn ọdún 2000, àwọn oníṣòwò bẹ̀rẹ̀ sí ṣe fíìmù olówó pọ́ọ́kú, wọ́n sì fi àwọn olórin tí ọ̀dọ́ fẹ́ràn, bíi Rayhon Gʻaniyeva àti Lola Yoʻldosheva, ṣe aṣíwájú nínú wọn. Ó jọ òmìnira, àmọ́ ìjọba ṣì ń ṣọ́ ohun tí wọ́n ń sọ nípa obìnrin. Umida Akhmedova, ayàwòrán àti aṣefíìmù, ya fíìmù nípa bí àṣà ìdánwò ìbálé ṣe ń ba ayé àwọn ìyàwó tuntun jẹ́. Ní oṣù Kejì 2010, ilé ẹjọ́ ní Tashkent dá a lẹ́bi pé ó ba orílẹ̀-èdè lórúkọ jẹ́, kí wọ́n tó fi àforíjì dá a sílẹ̀. Ẹ fi wé 1927. Nígbà yẹn, ìjọba ló ń san owó fún fíìmù tó bá sọ pé àṣà ń ni obìnrin lára.

Ní 2020, Yolqin Toʻychiyev ṣe fíìmù kan nípa ilé olórogún ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1920, nígbà tí Sófíẹ̀tì ṣẹ̀ṣẹ̀ ń wọlé. Òun ni fíìmù àkọ́kọ́ tí Usbẹkístàn fi ránṣẹ́ sí ìdíje Oscar. Ọ̀rọ̀ ìyàwó lé ìyàwó tí Ra Messerer fi ojú ṣe láìsí ohùn ni, ṣùgbọ́n lọ́tẹ̀ yìí àwọn òṣèrébìnrin Usbẹkístàn ló ṣe àwọn ìyàwó náà, ní èdè tiwọn, kò sì sí òṣìṣẹ́ ẹgbẹ́ òṣèlú kankan tó wá gbà wọ́n. Ní ti oyè, wọn kò pa á rẹ́. Wọ́n yọ ọ̀rọ̀ Sófíẹ̀tì kúrò nínú orúkọ rẹ̀, ààrẹ Usbẹkístàn sì ni ó ń fi í jẹ òṣèré títí di òní.